Óòtì Kì Í Ṣe Ọtí

Ẹ jẹ́ kí n kọ́kọ́ sọ ohun tó ń bí mi nínú kí n tó sọ ohun tí mo jẹ. Ọdún mẹ́fà ni mo lò ní Amẹ́ríkà, mi ò fi ẹnu kan ọtí, bíà kékeré báyìí mi ò tọ́ ọ wò. Ṣùgbọ́n nígbà tí mo fi máa padà délé, láti Ìbà dé Okokomaiko, kò sẹ́ni tí kò mọ̀ mí sí ọ̀mùtí. Àwọn tí wọ́n ń mu ògógóró láti àárọ̀ lẹ́yìn bárékè Ọ̀jọ́ gbé ife sílẹ̀ nígbà tí wọ́n rí mi, kí wọ́n lè bá mi kẹ́dùn. Ọ̀kan nínú wọn fọwọ́ gbá mi léjìká, ó ní, "Ẹ̀gbọ́n, ẹ rọra máa ṣe é. Díẹ̀díẹ̀ ló máa ń kúrò lára." Èmi ni ọ̀mùtí ń gbà nímọ̀ràn. Bí mo ti ń kọ ọ́ yìí, inú ṣì ń bí mi.

Mi ò kàwé lọ títí. Ìwé mẹ́fà ni mo kà, abẹ́ igi máńgòrò ni mo sì ti ka méjì nínú rẹ̀. Ẹni tó bá ń wá gírámà nínú ìtàn yìí, kó máa bá tirẹ̀ lọ. Ẹni tó bá ń wá òtítọ́, kó jókòó, àmọ́ kó má fi gbogbo ìdí jókòó, torí mo máa ń bu iyọ̀ sí ọ̀rọ̀. Iyọ̀ yẹn náà ló kó bá mi.

Ìgbà tí àwọn sójà ṣẹ̀ṣẹ̀ lé àwọn olóṣèlú kúrò ni mo lọ. Ilé iṣẹ́ tí mo ti ń ṣiṣẹ́ lójú ọ̀nà Badagry ti ti ìlẹ̀kùn, èmi àti Dúpẹ́ ìyàwó mi ò sì tíì pé ọdún kan tí a fẹ́ra. Mo fi í sílẹ̀ nílé bàbá rẹ̀ ní Ìbà. Mo ní ọdún méjì péré. Bí mo ṣe débẹ̀, ẹ má bi mí. Ọkọ̀ òfurufú ni, kì í ṣe ẹsẹ̀.

Òtútù ló kọ́kọ́ pàdé mi. Ní oṣù tí mo débẹ̀, mo dúró ní ibùdókọ̀ láàárọ̀ kan, mo húkọ́. Ikọ́ náà dì lẹ́nu mi, ó bọ́ sílẹ̀, ó fọ́ sí mẹ́ta. Obìnrin òyìnbó kan gbé ẹsẹ̀ kọjá lórí rẹ̀ kó má bàa gé e lẹ́sẹ̀. Mo kọ èyí sílé nínú lẹ́tà. Mo tún kọ ọ́ pé ajá kan wà ládùúgbò wa tó níyì débi pé lẹ́tà tirẹ̀ lọ́tọ̀ ni wọ́n ń mú wá fún un. Mo fẹ́ kí wọ́n rẹ́rìn-ín ni. Kí ni mo tún fẹ́ kọ? Ṣé kí n kọ ọ́ pé mo máa ń jókòó sórí bẹ́ẹ̀dì pẹ̀lú kóòtù àti bàtà lẹ́sẹ̀, tí màá máa pe orúkọ àwọn ibùdókọ̀ láti Okokomaiko dé Mile Two lọ́kọ̀ọ̀kan, kí etí mi lè gbọ́ ohùn èèyàn?

Ilé iṣẹ́ ẹran kan ló gbà mí, ní ìlú kan tí òkè yí ká lẹ́bàá odò ńlá. Ẹlẹ́dẹ̀ ni wọ́n ń pa níbẹ̀. Iṣẹ́ tèmi ni kí n máa fọ ìfun. Lọ́jọ́ àkọ́kọ́, fọ́mánù wò mí láti òkè dé ilẹ̀, ó bèèrè nǹkan kan láti imú. Mo rò pé ibi tí mo ti wá ló ń bèèrè.

Mo ní, "Ọ̀jọ́."

Ó kọ ọ́ sílẹ̀: Jo.

Ó tán. Láti ọjọ́ yẹn, Jo ni mo ń jẹ́. "Jo, gbá ibí." "Jo, kí ló ń rùn báyìí?" Nílé, kò sẹ́ni tó ń fi orúkọ ìlú pe ọmọ ìlú. Nílé, èmi ni ọmọ ìyá mi, èmi ni ọkọ Dúpẹ́, èmi ni ẹ̀gbọ́n àbúrò mi. Lọ́hùn-ún, gbogbo Ọ̀jọ́ ni mo gbé sórí nìkan. Bí fọ́mánù bá bú Jo, gbogbo yín ló bú: ọba àti ìjòyè, àwọn oníṣòwò Alábà, àwọn sójà pẹ̀lú ìbọn wọn. Gbogbo yín la jọ ń fọ ìfun ẹlẹ́dẹ̀ nínú omi tútù, ẹ kàn ò mọ̀ ni.

Tó bá di àkókò oúnjẹ, àwọn yòókù á wọ yàrá kan tó móoru. Fọ́mánù ní kí èmi jókòó sẹ́yìn ìlẹ̀kùn, nítorí aṣọ mi ń rùn. Aṣọ tiwọn náà ń rùn. Ẹlẹ́dẹ̀ kan náà la pa.

*

Obìnrin arúgbó kan ló fún mi ní yàrá, opó ni, Hílídà ni orúkọ rẹ̀. Èmi ń pè é ní Màmá Hílídà. Ó kọ́kọ́ sọ pé òun kì í ṣe ìyá mi. Nígbà tó pẹ́ díẹ̀, bí mo bá gbàgbé láti pè é bẹ́ẹ̀, kì í dá mi lóhùn.

Láàárọ̀ Sátidé kan, ó kan ìlẹ̀kùn mi.

"Jo, o ò jẹun láti àná."

"Mo ti yó, Màmá."

"Irọ́ lò ń pa. Ògiri ilé yìí tín-ín-rín. Láti àná ni ikùn ẹ ti ń kùn, kò jẹ́ kí n gbọ́ rédíò mi."

Ó gbé àwo lé mi lọ́wọ́. Nǹkan pẹlẹbẹ mẹ́ta ló wà nínú rẹ̀, tí ẹ̀yìn wọn pọ́n bí àkàrà tó kúrò nínú epo ní àsìkò. Mo gé e, inú rẹ̀ rọ̀, ó ń ta sánsán. Mi ò mọ ìgbà tí mo jẹ ẹ́ tán. Mo kàn rí i pé àwo ni mò ń fi ṣíbí ha.

Gẹ́tà ni wọ́n ń pè é. Àwọn baba ńlá Màmá Hílídà ló gbé e wá láti ilẹ̀ Jámánì. Oúnjẹ tálákà ni, ó ní. Ẹran díẹ̀ ò lè tó ọmọ mẹ́sàn-án, ni wọ́n bá fi óòtì, ọkà òyìnbó kan, tì í lẹ́yìn. Ẹ ó se ẹran ejìká ẹlẹ́dẹ̀ títí yóò fi máa já fúnra rẹ̀, ẹ ó yọ ọ́, ẹ ó lọ̀ ọ́. Omi rẹ̀, ẹ ò ní dà á nù. Inú rẹ̀ lẹ ó da óòtì sí. Kì í ṣe óòtì pẹlẹbẹ tí wọ́n fi ń bọ́ ọmọ o, èyí tí wọ́n gé wẹ́wẹ́ bí èérún ìrẹsì ni. Ẹ ó fi àlùbọ́sà sí i, ata dúdú, iyọ̀, àti ewé gbígbẹ kan tó ń ta sánsán. Ẹ ó wá máa rò ó. Wákàtí mẹ́ta lẹ ó fi rò ó, ọwọ́ ò gbọdọ̀ kúrò, bí bẹ́ẹ̀ kọ́ á jóná nísàlẹ̀. Bí ọmọrogùn bá dá dúró ṣánṣán láàárín ìkòkò láìfara ti nǹkan kan, ó ti jinná. Ẹ ó dà á sínú páànù búrẹ́dì, ẹ ó gbé e síbi tó tutù kó dì bí ẹ̀kọ. Tó bá di àárọ̀, ẹ ó gé e, ẹ ó din ín.

Ọdún kan ni mo fi kọ́ ọ. Ìgbà àkọ́kọ́, ó dà bí àtè. Ìgbà kejì, ó fọ́ yángá nínú epo. Ìgbà kẹta, mo jó ìkòkò Màmá, ó fi èdè Jámánì bú mi, mo fi Yorùbá dá a lóhùn, àwa méjèèjì sì gbọ́ra wa yé dáadáa. Nígbà tó yá, láàárọ̀ ọjọ́ kan, mo da páànù dé, odidi rẹ̀ jáde gbọnrangandan, igun mẹ́rẹ̀ẹ̀rin pé. Ó gé díẹ̀, ó jẹ ẹ́, ó ń wo òkè.

"Ó ṣe é jẹ," ó ní.

Ẹni tó bá mọ obìnrin náà á mọ̀ pé oyè ló fi jẹ mí.

Mo di mọ́kànlá nínú rẹ̀ lọ síbi iṣẹ́. Mo jókòó sẹ́yìn ìlẹ̀kùn mi, mo ṣí i. Òórùn rẹ̀ gba abẹ́ ìlẹ̀kùn wọlé, fọ́mánù sì yọjú. Ojú rẹ̀ ti yàtọ̀.

"Ta ló se ìyẹn?"

"Èmi ni."

"Irú rẹ̀ ni ìyá ìyá mi máa ń sè." Ó ti jáde tán. "Jo, ṣé o lè fún mi ní ẹyọ kan?"

Mo wò ó. Mo jẹ mọ́kọ̀ọ̀kànlá níwájú rẹ̀. Ikùn mi le bí ìlù, mi ò lè tẹ̀ fún ọjọ́ méjì, ẹnìkan ló bá mi so okùn bàtà. Mi ò kábàámọ̀. Tó bá tún di òní, màá tún jẹ ẹ́.

*

Ẹ̀yin tí ẹ mọ ilé ìyàwó mi ti mọ ibi tí wàhálà wà. Ìjọ aláṣọ funfun ni wọ́n. Bàbá ìyàwó mi ni gbogbo Ìbà ń pè ní Bàbá Alágbà, ẹni tí kì í wọ bàtà lọ síbi kankan bó bá ti wọ sùtánà. Ọtí jẹ́ èèwọ̀ fún wọn. Ẹlẹ́dẹ̀ náà, èèwọ̀ ni. Nínú gbogbo lẹ́tà mi, "ilé iṣẹ́ ẹran" ni mo ń kọ. Mi ò sọ ẹran tó jẹ́.

Tẹlifóònù wọ́n ní àdúgbò wa nígbà náà. Ẹ̀gbọ́n mi kan, ọmọ àbúrò bàbá mi, Bọ̀dá Fàtáì, ń se oúnjẹ fún ọ̀gá kan ní Navy Town. Bí ọ̀gá rẹ̀ bá jáde ní Sátidé, màá pe ilé náà. Ìyá mi á ti wá láti Okokomaiko, á ti jókòó sí kíṣìnì. Ṣùgbọ́n ìyá mi kì í fọwọ́ kan ẹ̀rọ náà. Wọ́n ní ohùn èèyàn tí kò ní ojú, àwọn ò bá a sọ̀rọ̀. Bọ̀dá Fàtáì ni yóò máa gbọ́ tèmi, tí yóò máa sọ fún wọn.

Lọ́jọ́ yẹn, wáyà ń hó bí ìgbà tí wọ́n ń din ẹja.

"Ìyá ẹ ní kí lò ń jẹ lọ́hùn-ún, tí ohùn ẹ ki báyìí?"

Mi ò fẹ́ kí wọ́n bi mí ní ẹran wo. Ni mo bá ní kí n fi óòtì bo ẹran mọ́lẹ̀.

"Ẹ sọ fún wọn pé mò ń jẹun dáadáa, Bọ̀dá. Ẹran àti óòtì."

"Ẹran àti kí ni?"

"Óòtì."

"Láàárọ̀?"

"Ní gbogbo àárọ̀. Óòtì ló pọ̀ jù níbẹ̀, ẹran ò tó nǹkan. Màmá tí mò ń gbé lọ́dọ̀ wọn ló kọ́ mi."

"Ìyá àgbàlagbà ló kọ́ ẹ?"

"Àwọn ni o. Óòtì yẹn gan-an ló ń gbé mi dúró. Tí mi ò bá tíì jẹ ẹ́, mi ò lè ṣiṣẹ́ kankan."

Ó gbé ẹ̀rọ kúrò létí. Mo gbọ́ tó ń bá ìyá mi sọ̀rọ̀, mi ò gbọ́ ohun tó ń sọ. Lẹ́yìn náà mo gbọ́ tí ìyá mi ké. Mo rò pé inú wọn dùn ni. Mo rẹ́rìn-ín. Mo fi ẹ̀rín yẹn gbé ẹ̀rọ sílẹ̀, mo sì sùn dáadáa lọ́jọ́ náà, òmùgọ̀ tí mo jẹ́.

Ọdún mẹ́ta lẹ́yìn náà ni wọ́n sọ fún mi bó ṣe lọ. Bọ̀dá Fàtáì ní, "Ìyá, ẹ fara balẹ̀. Ọtí ni. Ó ní ní gbogbo àárọ̀ ni. Ìyá arúgbó kan ló kó o sí i lórí. Kò tiẹ̀ mu ún mọ́, ó ti dé ibi pé ó ń jẹ ẹ́."

Ìyá mi sunkún láti Navy Town dé Okokomaiko. Ẹni tó bá sunkún gba ojú ọ̀nà yẹn, ọ̀rọ̀ rẹ̀ á ti délé kó tó délé. Kí ó tó di ọjọ́ Àìkú, wọ́n ti ń gbàdúrà fún mi ní Ìbà, pẹ̀lú orúkọ.

Nígbà tí lẹ́tà wọn dé pé kí n jáwọ́ nínú ọtí, mo kọ tèmi padà. Mo fi lẹ́tà gàdàgbà kọ ọ́: ÓÒTÌ NI, KÌ Í ṢE ỌTÍ. Mo ní ọkà ni, bí ọkà bàbà. Wọ́n ka lẹ́tà náà fún Bàbá Alágbà. Wọ́n ní ó béèrè pé, "Ṣé èyí tó ní ikọ́ òun bọ́ sílẹ̀ tó fọ́ sí mẹ́ta nìyí?" Wọ́n ní òun náà ni. "Èyí tó ní ajá ń gba lẹ́tà?" Wọ́n ní bẹ́ẹ̀ ni. Ó ní, "Ọtí tí yóò mú kí èèyàn rí ìyẹn, kì í ṣe kékeré."

Kí ni mo fẹ́ sọ? Ẹ bá mi wò ó. Irọ́ tí mo pa kí wọ́n lè rẹ́rìn-ín ni wọ́n gbà gbọ́ pé ọtí ló fà á. Òtítọ́ kan ṣoṣo tí mo sọ ni wọ́n pè ní irọ́.

Lẹ́tà Dúpẹ́ dín kù. Látorí méjì lóṣù, ó di ọ̀kan ní oṣù mẹ́rin. Àwọn ọdún yẹn ni mo mọ ohun tí ilé àjò jẹ́. Kì í ṣe òtútù. Kì í ṣe iṣẹ́. Òun ni pé níbi tí mo wà, Jo ni mí. Níbi tí mo ti wá, ọ̀mùtí ni mí. Èmi tí mo mọ ara mi ò sí níbì kankan àyàfi nínú dígí balùwẹ̀ Màmá Hílídà. Mo sọ fún un lọ́jọ́ kan. Ó ní nígbà ogun tí Amẹ́ríkà bá Jámánì jà, wọ́n ju òkúta lu fèrèsé ilé bàbá òun nítorí orúkọ Jámánì tí wọ́n ń jẹ́.

"Kí ni bàbá yín ṣe?"

"Ó bínú. Ó bínú títí ó fi kú. Rò ó, Jo, ó ti ń lẹ̀ mọ́ ìdí ìkòkò."

Lẹ́yìn náà ni lẹ́tà kan dé tó gbé mi dìde. Bàbá Alágbà ló ni ín, àmọ́ ọwọ́ Dúpẹ́ ni wọ́n fi kọ ọ́, torí bàbá ò mọ̀wé, ọmọ rẹ̀ ló ń bá a kọ gbogbo nǹkan. Mo mọ̀ ọ́n sórí. "Àna mi, mo kí ọ. Ọ̀gá akọrin wa, Bùràdá Jósáyà, ti wá bá mi nípa Dúpẹ́. Èèyàn jẹ́jẹ́ ni, kò mọ adùn ọtí. Bí o bá ní ohun tí o fẹ́ sọ, fi ẹnu ara rẹ wá sọ ọ́ kí ọdún ìkórè tó dé."

Èmi tí ọdún mẹ́fà ò tó láti wálé, láàárín ọjọ́ mẹ́wàá mo ti dé Ìbà. Óòtì àpò mẹ́ta ló wà nínú àpótí mi. Mo gbé e bí ẹni gbé ẹ̀rí lọ sí kóòtù.

*

Bàbá Alágbà jókòó sójú ilé pẹ̀lú sùtánà funfun, kò wọ bàtà. Mo dọ̀bálẹ̀. Kò ní kí n dìde. Ó tẹ̀ síwájú, ó gbọ́ òórùn ẹnu mi.

"O fọ ẹnu wá," ó ní.

"Ẹ kú ilé, Bàbá. Mo ní kí n wá se oúnjẹ náà níwájú yín. Ẹ fi ojú ara yín wo ohun tí mò ń jẹ."

"Sè é. Ṣùgbọ́n Fàtáì gbọ́dọ̀ wà níbẹ̀. Òun ló gbọ́ ọ, òun ni yóò rí i."

Dúpẹ́ jáde, ó kúnlẹ̀ kí mi. "Ẹ káàbọ̀. Ṣé àlàáfíà lẹ dé?" Bí ẹni ń kí àlejò ìjọ. Ó ti sanra díẹ̀, ó sì rẹwà sí i, ìyẹn náà tún bí mi nínú. Ta ló ń rẹwà fún? Ní gbogbo ọjọ́ yẹn, ọkùnrin tó bá ti wọlé pẹ̀lú sùtánà, màá yẹ ọ̀fun rẹ̀ wò bóyá ọ̀fun akọrin ni.

Mo lọ sí ọjà inú bárékè, mo ra ẹran màlúù. Mo gbé sítóòfù oníkẹrosíìnì sí àgbàlá. Mo rò ó fún wákàtí mẹ́ta nínú oòrùn. Bọ̀dá Fàtáì jókòó lórí àga, ó ń wo ọwọ́ mi.

"Kí nìyẹn tí o dà sí i?"

"Omi ni, Bọ̀dá."

"Omi náà funfun jù."

"Ṣé ẹ fẹ́ tọ́ ọ wò?"

"Mo ti ń gbóòórùn rẹ̀. Mo ṣì ń wádìí."

Ọmọrogùn dúró ṣánṣán. Ibi tí yóò ti dì ló kù, kò sì sí iná, NEPA ti mú un lọ láti ọjọ́ mẹ́rin. Nílẹ̀ òyìnbó, ìta ni mo máa ń gbé e sí. Mo gbé páànù mẹ́ta lérí, èmi àti Bọ̀dá Fàtáì, a gbé e lọ sí ilé yìnyín àwọn ẹlẹ́ja ní Okokomaiko, níbi tí jẹnẹrétọ̀ kì í ti í kú. Ìyá tó ni ín ṣí páànù wò, ó ní, "Oúnjẹ ọmọ ta nìyí?" Ó tì í sáàárín páálí ẹja tútù méjì. Nígbà tí a lọ gbé e láàárọ̀, ó ti dì, ó dára, àmọ́ ó ń rùn bí etíkun.

Mo gé e, mo din ín lójú gbogbo wọn. Ìyá mi wà níbẹ̀, wọ́n fi ọwọ́ di àyà mú. Bàbá Alágbà mú ẹyọ kan, ó gbàdúrà sí i lórí pẹ́ títí, ó gé e, ó fi sẹ́nu. Ó jẹ ẹ́ lápá ọ̀tún. Ó gbé e lọ sápá òsì.

"Èyí?" ó ní. "Èyí ò ju ẹ̀kọ tí wọ́n po ẹran mọ́ lọ."

"Bẹ́ẹ̀ ni, Bàbá."

"Ọtí wá dà?"

"Kò sí níbẹ̀, Bàbá. Kò sí níbẹ̀ rí."

Ó yíjú sí Bọ̀dá Fàtáì. "Fàtáì, ìwọ lo gbé ọ̀rọ̀ wá."

"Bàbá, wáyà ni. Ohun tí etí mi gbọ́ ni ẹnu mi sọ." Bọ̀dá Fàtáì ti ń mú ẹyọ kẹta. "Ṣùgbọ́n ẹ bi í, ẹ jọ̀ọ́. Màlúù lèyí. Èyí tó ń jẹ lọ́hùn-ún ńkọ́? Èmi ti se oúnjẹ fún òyìnbó. Wọn kì í fi màlúù ṣe irú èyí."

Irọ́ mẹ́rin tò sí ẹnu mi: àgbò, àgbọ̀nrín, tòlótòló, ehoro. Gbogbo wọn ti wọṣọ, wọ́n ń dúró kí n ní kí wọ́n jáde. Mo gbójú sókè. Dúpẹ́ dúró lẹ́nu ọ̀nà, ó ká apá lérí àyà, ó ń wò mí. Mi ò mọ ohun tó ṣe mí.

"Ẹlẹ́dẹ̀ ni, Bàbá."

Ìyá mi fọwọ́ bo ojú. Bàbá Alágbà gbé àwo sílẹ̀.

"Fún ọdún mélòó?"

"Márùn-ún."

"Wàá gba ààwẹ̀ ọjọ́ mẹ́ta. A ó wẹ̀ ọ́ lódò, a ó gbàdúrà sí ọ lórí. Ó tán."

"Ó tán, Bàbá?"

"Kí lo tún ń wá? Ẹlẹ́dẹ̀ la lè wẹ̀ kúrò lára èèyàn. Ọtí ni kì í gbọ́ ọṣẹ." Ó tún gbé àwo rẹ̀.

Ẹ wo nǹkan. Ohun tí mo gbé pamọ́ fún ọdún márùn-ún, tí mo tìtorí rẹ̀ di ọ̀mùtí, ààwẹ̀ ọjọ́ mẹ́ta péré ni owó orí rẹ̀. Inú bí mi débi pé mo gbàgbé pé àna mi ni mò ń bá sọ̀rọ̀.

"Tó bá ti tán, ẹ sọ fún ọ̀gá akọrin yín kó wá ìyàwó rẹ̀ lọ síbòmíràn."

"Ọ̀gá akọrin wo?"

"Bùràdá Jósáyà. Èyí tí ẹ kọ sí mi nínú lẹ́tà."

Bàbá wò mí bí ẹni tí ọtí náà tún gun orí rẹ̀. "A ò ní Jósáyà kankan. Láti ọdún mẹ́ta, Dúpẹ́ ló ń dá orin nínú ìjọ wa. Lẹ́tà tí mo ní kó kọ sí ọ, mo ní kí o wálé nítorí ìyá rẹ ń dàgbà."

Gbogbo wa yíjú sẹ́nu ọ̀nà. Dúpẹ́ ò sí níbẹ̀ mọ́.

Mo bá a ní àgbàlá, ó ń fi iyanrìn ha páànù mi.

"Ta ni Jósáyà?"

"Mi ò mọ̀ ọ́n. Mo dá a ni." Kò gbójú sókè. "Ṣé ìwọ nìkan lo mọ irọ́ pa ni?"

Láti ọjọ́ tí mo ti fẹ́ Dúpẹ́, "ẹ" ló ń pè mí. Ìgbà àkọ́kọ́ nìyẹn tí mo gbọ́ "ìwọ" lẹ́nu rẹ̀. Ó dùn mí ju gbogbo ọ̀mùtí tí wọ́n pè mí lọ.

"Ìwọ náà gbà pé mò ń mu ọtí?"

"Óòtì ni. Ọjọ́ tí ìròyìn ẹkún ìyá ẹ débí ni mo ti mọ̀. Wọ́n ń tà á nínú ọjà bárékè, àwọn ìyàwó sójà fi ń bọ́ ọmọ. Ta ló ń jẹ ọtí?"

"O mọ̀, o sì dákẹ́? Fún ọdún mẹ́ta?"

"Mo dákẹ́." Ó gbé páànù sílẹ̀. "Mo kọ ọ́ sí ẹ pé ọdún méjì tí o dá ti pé, o kọ ọ́ padà pé ajá ń gba lẹ́tà. Mo kọ ọ́ pé ibùsùn mi tutù, o kọ ọ́ padà pé ikọ́ ẹ fọ́ sí mẹ́ta. Mo bẹ̀ ẹ́ títí ẹnu mi fi bó. Ìfẹ́ ò gbé ẹ wálé. Àánú ò gbé ẹ wálé. Mo wá jókòó, mo rò ó pé ọkọ tèmi, bí inú bá ti bí i, kò síbi tí kò ní dé. Mo jẹ́ kí inú bí ẹ."

Mo mú páànù náà. Èmi, ọmọ ìyá mi, mo bu iyanrìn, mo ń ha á lọ.

Mo gba ààwẹ̀ ọjọ́ mẹ́ta tí wọ́n ní kí n gbà, mi ò sì bá a sọ̀rọ̀ ní ọjọ́ mẹ́tẹ̀ẹ̀ta. Wọ́n wẹ̀ mí lódò. Òun ló dá orin níbẹ̀, ohùn rẹ̀ dára, ìyẹn náà bí mi nínú. Ní ọjọ́ kẹrin, mo lọ wá yàrá méjì ní Okokomaiko. Ìwé ọkọ̀ òfurufú tí mo fi máa padà wà nínú àpò kóòtù mi. Ọjọ́ rẹ̀ dé, ọjọ́ rẹ̀ kọjá, mo ń kan fèrèsé.

Ẹ má rò pé mo ti dárí jì í. Inú ń bí mi nígbà tí a bí àkọ́bí, inú ń bí mi nígbà tí a bí ìbejì tó tẹ̀lé e. Inú ń bí mi títí di àárọ̀ òní, mo sì sọ fún un lójú rẹ̀ pé mi ò ní gbàgbé. Ó ní kò burú, kí n ṣáà ti máa bínú níbi tí ojú òun ti lè tó mi.